Bí Ẹ Ṣe Lè Gbé Àwo Orin Pọ́ńkì Jáde Fúnra Yín

Ní ọjọ́ 28 oṣù Kejìlá ọdún 1976, àwọn ọ̀dọ́mọkùnrin mẹ́rin wọ sítúdíò kan ní Manchester, wọ́n gba orin mẹ́rin sílẹ̀. Buzzcocks ni wọ́n ń jẹ́. Wọn ò dúró de ilé iṣẹ́ àwo kankan kó wá pè wọ́n. Wọ́n yá £500 lọ́wọ́ ẹbí àti ọ̀rẹ́, wọ́n fi tẹ ẹgbẹ̀rún kan àwo, wọ́n sì sọ ilé iṣẹ́ tí wọ́n dá sílẹ̀ fúnra wọn ní New Hormones. Kámẹ́rà Polaroid ni Richard Boon, máníjà wọn, fi ya àwòrán iwájú páálí rẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ̀yìn páálí náà ni mo fẹ́ràn jù. Wọ́n kọ ọ́ síbẹ̀ pé ìgbà kelòó tí wọ́n gbá orin kọ̀ọ̀kan ni wọ́n mú, àti èyí tí wọ́n tún fi ohùn mìíràn lé lórí. Ẹni tó ra àwo náà ti ra ọ̀nà tí wọ́n gbà ṣe é mọ́ ọn.

Orí ìyẹn ni mo dúró lé. Ọ̀pọ̀ èèyàn rò pé ẹni tó bá ń ṣe nǹkan fúnra rẹ̀ kò gbọdọ̀ bẹ ẹnikẹ́ni lọ́wẹ̀. Àwọn ọmọ pọ́ńkì, ìyẹn àwọn tó ń gbá orin jìtá tó yára tó sì le, tí iṣẹ́ wọn yanjú, yá owó, wọ́n tọrọ ìmọ̀, wọ́n sùn sílé onílé nígbà tí wọ́n bá rìnrìn àjò. Lẹ́yìn náà ni wọ́n wá ṣí ìwé ìṣirò wọn sílẹ̀ kí ẹni tó ń bọ̀ lẹ́yìn lè rí ọ̀nà. Nítorí náà, kí ẹ tó ra okùn jìtá, ẹ kọ́kọ́ ra ìwé ìṣirò kan. Gbogbo kọ́bọ̀ tó bá wọlé tàbí tó bá jáde, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ pẹ̀lú ọjọ́ àti orúkọ ibi tó lọ. A máa padà sórí ìwé yìí.

1. Ẹ kó ẹgbẹ́ jọ kí ẹ tó mọ̀ ọ́n gbá

Ní oṣù Kìíní ọdún 1977, ìwé ìròyìn kékeré kan nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, Sideburns, ya ibi tí ìka ń jókòó sí fún ohùn mẹ́ta lórí jìtá, A, E àti G, ó sì ní kí ẹni tó bá ti rí wọn lọ dá ẹgbẹ́ sílẹ̀. Kò fi kún un jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ẹ̀yin náà lè bẹ̀rẹ̀ níbẹ̀ lónìí.

Okùn mẹ́fà ló wà lórí jìtá, èyí tó nípọn jù là ń pè ní okùn kẹfà. Àwọn irin wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́ tó dábùú ọrùn jìtá ni fret. Ẹ fi ìka ìfábẹ̀lá tẹ okùn kẹfà ní fret karùn-ún, kí ìka òrùka tẹ okùn karùn-ún ní fret keje. Okùn méjèèjì yìí nìkan ni kí ẹ gbá. Ìka ìfábẹ̀lá á rọra sùn lé àwọn yòókù kí wọ́n má bàa dún. A nìyẹn. Ẹ má tú ìka yín, ẹ kàn fa ọwọ́ sẹ́yìn títí ìka ìfábẹ̀lá fi dé fret kẹta, G nìyẹn. Fún E, ẹ fi okùn kẹfà sílẹ̀ láìtẹ̀ ẹ́, kí ẹ tẹ okùn karùn-ún ní fret kejì. Onílù yín á fi ẹsẹ̀ lu ìlù ńlá ní ìró kìíní àti ìkẹta, á fi igi lu ìlù kékeré ní ìkejì àti ìkẹrin. Bí ẹ bá lè gbá èyí fún ìṣẹ́jú méjì láìdúró, ẹ ti ní orin. Ọ̀rọ̀ ló kù.

Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ fún yín pé kí ẹ kọ́kọ́ lọ kọ́ṣẹ́ fún ọdún márùn-ún. Ní London, wọ́n dá ètò kan sílẹ̀ tó ń jẹ́ First Timers, fún àwọn ẹgbẹ́ tí kò tíì ṣeré níwájú èèyàn rí. Ibẹ̀ ni ẹgbẹ́ Big Joanie, ẹgbẹ́ àwọn obìnrin aláwọ̀ dúdú, ti kọ́kọ́ bọ́ sórí pèpéle ní 2013. Estella Adeyeri, tó ń jẹ́ orúkọ ìdílé Yorùbá, di ẹni tó ń gbá jìtá báàsì fún wọn lẹ́yìn náà. Mo fẹ́ kí àwọn ọmọbìnrin wa tó wà nílùú òyìnbó mọ orúkọ yẹn, nítorí wọ́n ti sọ fún púpọ̀ nínú wọn pé orin àwọn òyìnbó ọkùnrin ni pọ́ńkì. Bad Brains láti Washington, aláwọ̀ dúdú ni wọ́n, àwọn ni ìyókù ìlú yẹn ń wò láti mọ bí orin ṣe ń yára. Ní Detroit, àwọn arákùnrin Hackney mẹ́ta tó ń jẹ́ Death ti tẹ 500 àwo tiwọn fúnra wọn ní 1976, kí àwo Buzzcocks tó dé ìta.

2. Àpótí owó

Teen Idles, àwọn ọmọ ilé ìwé ní Washington, kì í pín owó eré. Inú àpótí sìgá kan ni wọ́n ń kó gbogbo rẹ̀ sí. Nígbà tí ẹgbẹ́ náà tú ká ní oṣù Kọkànlá ọdún 1980, owó tó wà níbẹ̀ ti lé ní $600. Wọ́n lè pín in kí oníkálùkù máa lọ. Dípò bẹ́ẹ̀, wọ́n fi tẹ àwo tó ní orin mẹ́jọ, bí ilé iṣẹ́ àwo Dischord Records ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Ẹ fi ìpinnu yìí sọ́kàn ní ọjọ́ àkọ́kọ́: owó eré, ti ẹgbẹ́ ni títí àwo á fi jáde. Ẹ yan ẹnìkan tó máa di àpótí mú, kí ẹlòmíràn máa di ìwé ìṣirò mú. Kí ó má jẹ́ ẹnìkan náà.

Bí ẹ bá yá owó, ẹ kọ orúkọ ẹni tí ẹ yá a lọ́wọ́ rẹ̀ sí ojú ewé àkọ́kọ́. Òun la máa san kí ẹnikẹ́ni tó fọwọ́ kan èrè.

3. Gbígba ohùn sílẹ̀

Ibí yìí ni owó ti máa ń ṣòfò jù, nítorí àwọn èèyàn máa ń wọ sítúdíò kí orin tó jinná. Ẹ mú orin mẹ́rin péré. Ẹ gbá wọn nílé títí ẹ ó fi lè gbá ọ̀kọ̀ọ̀kan lẹ́ẹ̀mẹta tẹ̀lé ara wọn láìsí àṣìṣe. Ẹ fi fóònù gbà wọ́n sílẹ̀, kí ẹ gbọ́ ọ lọ́jọ́ kejì nígbà tí ara bá ti balẹ̀. Ohun tó bá bí yín nínú nígbà náà ni kí ẹ tún ṣe.

Ní sítúdíò, ẹ jọ gbá a lẹ́ẹ̀kan náà, ìlù, báàsì àti jìtá, kí ẹ wá fi ohùn orin lé e lẹ́yìn náà. Sítúdíò ńlá kọ́ ló ń mú un dùn. Ilé ara rẹ̀ ní Arlington ni Don Zientara fi ṣe sítúdíò Inner Ear, ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ àwo Dischord ti jáde. Minutemen láti San Pedro ní California máa ń lo téèpù tí wọ́n ti lò rí, wọ́n á sì lọ lẹ́yìn ọ̀gànjọ́ òru nígbà tí owó sítúdíò bá ti wálẹ̀. Ẹ béèrè iye tí wọ́n ń gbà lóru àti lọ́jọ́ tí kò sí oníbàárà. Ojú kì í ti ẹni tó ń ná ọjà.

Ẹ dá ẹ̀dà ohun tí ẹ gbà sílẹ̀ sí ibi méjì ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ kí ẹ tó kúrò níbẹ̀.

4. Títẹ àwo

Àwo kékeré onínṣì méje tó ń yí nígbà 45 ní ìṣẹ́jú kan máa ń gba nǹkan bí ìṣẹ́jú mẹ́rin sí márùn-ún lójú kan. Bí ẹ bá ti ki orin mọ́ ọn ju bẹ́ẹ̀ lọ, ipa abẹ́rẹ́ á fún mọ́ra, ohùn á sì rẹlẹ̀. Ilé iṣẹ́ á kọ́kọ́ gé orin yín sójú àwo ìpìlẹ̀, wọ́n á fi irin bò ó láti ṣe òǹtẹ̀, òǹtẹ̀ yẹn ni wọ́n ń fi tẹ ìyókù. Owó ìpìlẹ̀ àti òǹtẹ̀ kò yí padà, ì báà jẹ́ 100 lẹ tẹ̀ tàbí 1,000, ìdí nìyẹn tí àwo díẹ̀ fi ń wọ́n. Greg Ginn tó dá ilé iṣẹ́ àwo SST sílẹ̀ ní California, inú ìwé nọ́ńbà tẹlifóònù ló ti wá ilé iṣẹ́ tó ń tẹ àwo, ó sì pè wọ́n. Ẹ̀yin náà ẹ pe mẹ́ta, kí ẹ kọ iye tí wọ́n dá lé e sínú ìwé ìṣirò.

Kí wọ́n tó tẹ gbogbo rẹ̀, wọ́n á fi díẹ̀ ránṣẹ́ fún àyẹ̀wò. Ẹ má fi ìkánjú fọwọ́ sí i. Ẹ gbọ́ ọ lórí ẹ̀rọ méjì ó kéré tán. Bí abẹ́rẹ́ bá fò níbì kan náà lórí méjèèjì, àwo ló ní àbùkù. Bó bá jẹ́ orí ọ̀kan ṣoṣo ló ti fò, ẹ̀rọ yín ni kí ẹ wò.

Ẹgbẹ́ Desperate Bicycles ní London ná £153 péré lórí àwo wọn àkọ́kọ́ ní 1977, wọ́n sì sọ iye náà fún gbogbo ayé. Ní ọdún tó tẹ̀ lé e, Scritti Politti ṣe jù bẹ́ẹ̀ lọ: wọ́n kọ gbogbo ìnáwó wọn sára páálí àwo, pẹ̀lú orúkọ àwọn tó bá wọn ṣiṣẹ́. Wákàtí 14 ní sítúdíò kan ní Cambridge, £98. Róbà òǹtẹ̀ tí wọ́n fi lu orúkọ mọ́ bébà funfun àárín àwo, £8. Ọmọdé tó ní àwo yẹn lọ́wọ́ ti ní àdírẹ́sì àti iye owó, kò tún nílò kí ẹnikẹ́ni gbà á láyè.

Bí owó bá kéré, ẹ ṣe kásẹ́ẹ̀tì. C30 gba ìṣẹ́jú 15 lójú kan, ẹ sì lè ṣe 50 nínú yàrá yín. Kò rẹlẹ̀ sí àwo rárá. Ẹ kàn rí i pé ẹ fi owú àti ọtí ìnuegbò nu ibi tí téèpù ń fara kàn nínú ẹ̀rọ kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀, àti lẹ́yìn mẹ́wàá mẹ́wàá.

5. Páálí

Ìtàn yìí kì í sú mi. Àwọn ọmọ Dischord kò mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe páálí àwo. Wọ́n mú ọ̀kan tó wá láti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n tú gọ́ọ̀mù rẹ̀, wọ́n tẹ́ ẹ pẹrẹsẹ, wọ́n fi pẹ́ńsù tọ etí rẹ̀ yí ká. Wọ́n gbé àwòrán náà lọ sọ́dọ̀ atẹ̀wé. Nígbà tí bébà dé, àwọn àti ọ̀rẹ́ wọn jókòó sílẹ̀, wọ́n ń fi sísọ́ọ̀sì gé e, wọ́n ń ká a, wọ́n ń lẹ̀ ẹ́, ẹgbẹẹgbẹ̀rún páálí láwọn ọdún yẹn, pẹ̀lú ọwọ́.

Fún yín, èyí tó rọrùn jù ni páálí aláká kan. Bébà A3 jẹ́ sẹ̀ǹtímítà 42 lórí 29.7. Ẹ gé e sí 37 lórí 18.5, kí ẹ ká a láàárín. Yóò di onígun mẹ́rin 18.5, ó sì máa bo àwo onínṣì méje dáadáa. Ẹ fi ẹ̀yìn ṣíbí fa ojú ìká náà kó lè mú ṣánṣán. Àwo á wọ inú bébà funfun, méjèèjì á wọ inú ọ̀rá. Bí ẹ bá fi fọtokọ́pì tẹ̀ ẹ́, ẹ yan bébà tó nípọn tó 120 gíráàmù, ẹ sì ṣe àwòrán dúdú àti funfun tó dá yàtọ̀ síra gan-an, nítorí àwọ̀ eérú máa ń di ìdọ̀tí nínú ẹ̀rọ. Èyí wà lára ìdí tí páálí pọ́ńkì fi rí bó ṣe rí: lẹ́tà tí wọ́n gé nínú ìwé ìròyìn, àwòrán dúdú kirikiri. Ẹ̀rọ fọtokọ́pì ló kọ́ wọn ní ẹwà yẹn.

Ẹ pe èèyàn wá. Ọjọ́ kan, ìrẹsì, rédíò, sísọ́ọ̀sì márùn-ún. Ẹni tó bá ká páálí yín fún wákàtí mẹ́ta yóò máa polówó àwo náà ju ẹ̀yin gan-an lọ.

Sínú páálí, ẹ fi bébà kan sí i: ọ̀rọ̀ orin lójú kan, ìnáwó lójú kejì. Ẹ má fi ohunkóhun pamọ́ níbẹ̀, títí kan owó ọkọ̀.

6. Ìwé ìròyìn kékeré

Mark Perry ń ṣiṣẹ́ akọ̀wé ní báńkì nígbà tó bẹ̀rẹ̀ Sniffin' Glue ní oṣù Keje ọdún 1976. Taipuráítà ọmọdé, máákà àti fọtokọ́pì ló fi ṣe é. Ẹ̀yin náà ẹ ṣe tiyín, kí ẹ má sì kọ nípa ara yín nìkan. Ẹ kọ nípa ẹgbẹ́ mẹ́ta mìíràn ládùúgbò, àwọn náà á kọ nípa yín.

Bébà A4 méjì tí a ká sí méjì á di ojú ewé mẹ́jọ. Bí ẹ ṣe máa to ojú ewé nìyí, láti òsì sí ọ̀tún: bébà kìíní, 8 àti 1 níwájú, 2 àti 7 lẹ́yìn, bébà kejì, 6 àti 3 níwájú, 4 àti 5 lẹ́yìn. Ẹ fi àlàfo sẹ̀ǹtímítà kan sílẹ̀ ní etí gbogbo, torí ẹ̀rọ kì í tẹ̀ dé etí. Sitépúlà ọlọ́rùn gígùn lẹ máa nílò fún àárín; ẹ yá a níbi tí wọ́n ti ń ṣe fọtokọ́pì.

7. Eré

Ẹ wá ibi tí kì í ṣe ilé ọtí, kí àwọn ọmọdé lè wọlé. Èyí ṣe pàtàkì ju bí ọ̀pọ̀ ṣe rò lọ, nítorí ọmọ ọdún 15 ló máa dá ẹgbẹ́ tó ń bọ̀ sílẹ̀. Bó bá sì di dandan kó jẹ́ ilé ọtí, ẹ ṣe bí Teen Idles ṣe ṣe nígbà tí wọ́n padà láti San Francisco: ẹ fi máákà dúdú kọ X gàdàgbà sí ẹ̀yìn ọwọ́ àwọn tí ọjọ́ orí wọn kò tó, kí olùtajà má ta ọtí fún wọn, kí onílé sì gbà wọ́n wọlé.

Gbọ̀ngàn eré 924 Gilman Street ní Berkeley, California, ṣí ní ọjọ́ 31 oṣù Kejìlá ọdún 1986. Tim Yohannan tó ń darí ìwé ìròyìn Maximum Rocknroll nígbà náà wà lára àwọn tó gbé e dìde. Àwọn olùyọ̀ǹda ara ẹni ló ń ṣe gbogbo nǹkan níbẹ̀, láti orí ẹ̀rọ gbohùngbohùn dé orí ìgbálẹ̀. Ọmọ ẹgbẹ́ á ní káàdì, á sì lè sọ̀rọ̀ níbi ìpàdé. Òfin wọn wà níta gbangba: kò sí ọtí, kò sí oògùn olóró, kò sí ìjà, kò sí ẹ̀tanú àwọ̀ tàbí ìkórìíra obìnrin. Ní London, irú ibẹ̀ wà láti 2015 sí 2020, DIY Space for London, ní àdúgbò Old Kent Road tí àwọn ọmọ Yorùbá àti ìjọ wọn pọ̀ sí. Ibẹ̀ ni àwọn ọmọ aláwọ̀ dúdú àti àwọn mìíràn tí kì í ṣe aláwọ̀ funfun ti ṣe Decolonise Fest ní 2017. Ẹ kọ òfin tiyín gàdàgbà, kí ẹ lẹ̀ ẹ́ mọ́ ẹnu ọ̀nà, kí ẹ sì yan èèyàn méjì tó máa rí i pé wọ́n tẹ̀ lé e.

Nípa ìjà: Fugazi, ẹgbẹ́ tí Ian MacKaye ti Dischord wà nínú rẹ̀, láyé ìgbà tí wọ́n ń ṣeré, máa ń dá orin dúró bí ẹnìkan bá ń ṣe àwọn tó kù léṣe. Wọ́n á bá a sọ̀rọ̀. Bí kò bá gbọ́, wọ́n á fi $5 tó san sínú àpòòwé, wọ́n á dá a padà fún un, ó di ìta. Ẹ ṣètò àpòòwé mẹ́ta tó ní owó nínú kí eré tó bẹ̀rẹ̀. Nípa àwọn obìnrin: ẹgbẹ́ Bikini Kill máa ń ní kí wọ́n bọ́ síwájú, wọ́n á sì pín bébà ọ̀rọ̀ orin fún wọn. Ẹ sọ ọ́ lórí máíkì kí orin àkọ́kọ́ tó bẹ̀rẹ̀, kó má jẹ́ lẹ́yìn tí wọ́n ti fara gbọgbẹ́.

Owó wá ńkọ́? Ẹ jẹ́ ká sọ pé èèyàn 50 san £5, ó di £250. Gbọ̀ngàn gba £60, ẹ̀rọ gbohùngbohùn gba £50, ó ku £140. Ẹgbẹ́ tó ti ìlú mìíràn wá ló kọ́kọ́ ń gba owó epo, ká ní £60. Nínú £80 tó kù, àwọn náà gba £40, ẹgbẹ́ ilé méjèèjì gba £20 £20. Ẹ ṣe ìṣirò yìí lójú gbogbo ẹgbẹ́, lórí tábìlì, kí ẹnikẹ́ni tó lọ. Ẹ fún àwọn àlejò lóúnjẹ gbígbóná àti ibi tí wọ́n máa sùn. Ẹ parí ní àsìkò tí ẹ bá onílé ṣe, kí ẹ gbá ilẹ̀, kí ẹ kó pósítà yín kúrò lára ògiri aládùúgbò.

8. Iye owó, pípín, àti lẹ́tà

Bí gbogbo ìnáwó lórí àwo 300 bá jẹ́ £1,500, ẹ má pín in sọ́nà 300. Nǹkan bí 30 á lọ fún rédíò, àwọn oníwèé ìròyìn àti àwọn tó ràn yín lọ́wọ́. 270 ló kù fún títà. Bí ẹ bá tà á ní £7, owó á padà wálé lórí àwo 215. Ẹ tẹ iye náà sára páálí. Crass, ẹgbẹ́ kan tó ń gbé inú ilé oko kan ní Essex láyé ìgbà yẹn, máa ń tẹ̀ ẹ́ sára àwo wọn pé kí ẹnikẹ́ni má san ju iye báyìí lọ, kí olùtajà má bàa gbówó lé e. Bí Dischord ṣe ń pín èrè kò lọ́jú pọ̀: ìnáwó jáde tán, ilé iṣẹ́ gba ìdajì, ẹgbẹ́ gba ìdajì, kò sí ìwé àdéhùn.

Ẹ gbé márùn-ún márùn-ún lọ sí àwọn ṣọ́ọ̀bù àwo. Rough Trade tí Geoff Travis ṣí ní London ní 1976 ló ń ta àwo irú àwọn ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀ nígbà náà, tó sì wá ń pín wọn dé ìlú mìíràn. Ẹ máa fi àwo yín pààrọ̀ pẹ̀lú ẹgbẹ́ mìíràn, mẹ́wàá sí mẹ́wàá, kí ẹ̀yin ta tiwọn, kí àwọn ta tiyín. Bí ẹ bá ń fi ránṣẹ́, ẹ yọ àwo kúrò nínú páálí rẹ̀ kó má fa á ya lọ́nà, kí ẹ fi káádì líle méjì há a láàárín.

Lẹ́yìn oṣù díẹ̀, ẹnìkan tí ẹ kò mọ̀ rí á kọ̀wé sí yín pé báwo lẹ ṣe ṣe é. Ẹ ṣí ìwé ìṣirò. Ẹ kọ orúkọ ilé iṣẹ́ tó tẹ àwo ránṣẹ́ sí i, iye tí wọ́n gbà, ọ̀sẹ̀ mélòó ni wọ́n lò, ẹni tó dá yín lóhùn dáadáa níbẹ̀ àti ohun tí wọ́n ṣe tí kò dára. Ẹ fi ìwọ̀n páálí sí i. Bí ẹ bá ní sitépúlà ọlọ́rùn gígùn nígbà náà, ẹ yá a.